Ìṣe Ọwọ́ Ni Adájọ́ Fi Ń Ka Inú Ẹni

Ẹ̀yin ọmọ mi, ọ̀pọ̀ ọdún ni mo fi ṣe akọ̀wé kóòtù kí n tó fẹ̀yìn tì. N kì í ṣe lọ́yà, n kò sì ní ṣe bí ẹni pé mo jẹ́ ọ̀kan. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá jókòó níwájú adájọ́ pẹ́ títí, etí rẹ̀ á kún. Nínú gbogbo ohun tí mo gbọ́ lẹ́nu àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n fi ẹ̀sùn ẹ̀mí kàn, kò sí èyí tó wọ́pọ̀ tó "Mi ò ní in lọ́kàn." Òótọ́ sì ni wọ́n ń sọ lọ́pọ̀ ìgbà. Ohun tí wọn kò mọ̀ ni pé òótọ́ yẹn nìkan kì í yọ ènìyàn. Òfin lè rí ọkàn ìkà lára ẹni tí kò bínú sí ẹnikẹ́ni, tí kò dọdẹ ẹnikẹ́ni, tí kò tilẹ̀ mọ orúkọ ẹni tó kú. Ọ̀nà tí òfin ń gbà débẹ̀ ni mo fẹ́ fi hàn yín.

1. Má rò pé àfi ẹni tó bá lérí pé òun yóò pa ènìyàn ni wọ́n ń pè ní apànìyàn.

Ní oṣù kejì ọdún 1945, ní ìpínlẹ̀ Pennsylvania ní Amẹ́ríkà, ọmọkùnrin ẹni ọdún 17 kan mú ìbọn ìléwọ́ kan dání. Ihò ọta márùn-ún ló wà nínú ìbọn náà. Ọta kan ṣoṣo ló kì sí i. Ó pàdé ọ̀rẹ́ rẹ̀, ọmọ ọdún 13, ó ní kí àwọn fi ìbọn ọ̀hún ta tẹ́tẹ́. Ọmọ náà ní kó máa ṣe é lọ, kò kan òun. Ó gbé ẹnu ìbọn sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, ó tẹ̀ ẹ́. Kò dún. Ó tún un tẹ̀. Kò dún. Ẹ̀ẹ̀kẹta ló dún, ọmọ náà sì ti ibẹ̀ kú.

Kò sí ìjà láàárín àwọn méjèèjì. Ọ̀rẹ́ ni wọ́n. Ẹni tó yìnbọn ní òun kò retí pé yóò dún. Síbẹ̀, nígbà tí ẹjọ́ náà dé ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní ìpínlẹ̀ ọ̀hún ní 1946, àwọn adájọ́ ní ìpànìyàn ni, ìpele kejì. Wọ́n ṣírò rẹ̀: ìbọn tó ní ihò márùn-ún, tí ènìyàn tẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta sí ibi tí ẹ̀mí wà, ikú ti ju ìdajì ọ̀nà lọ. Ẹni tó bá ṣe irú nǹkan bẹ́ẹ̀ láìní ìdí kankan, tí kò bìkítà bóyá ẹnì kejì á yè tàbí á kú, ọkàn rẹ̀ kò yàtọ̀ lójú òfin sí ọkàn ẹni tó pète ibi. Kò pọn dandan kó kórìíra ẹni tó kú.

Èmi ò lè gbàgbé ìtẹ̀ kejì yẹn. Àkọ́kọ́, a lè ní ọmọdé ni, kò ronú. Ṣùgbọ́n láàárín àkọ́kọ́ àti ìkejì, ó ní àyè láti ronú. Láàárín ìkejì àti ìkẹta, ó tún ní in. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ "mi ò ní in lọ́kàn" ti ń bọ́ lọ́wọ́ ènìyàn.

2. Inú rẹ kò ṣeé là wò, nítorí náà ọwọ́ rẹ ni wọn yóò wò.

Ní Nàìjíríà, ohun mẹ́ta ni ìjọba gbọ́dọ̀ fi ẹ̀rí gbè lẹ́sẹ̀ láìsí iyèméjì kí ẹ̀sùn ìpànìyàn tó lè mú ènìyàn: pé ẹnìkan kú, pé ìṣe olùjẹ́jọ́ ló pa á, àti pé olùjẹ́jọ́ mọ̀ọ́mọ̀ ṣe ohun tó ṣe, tó sì mọ̀ pé ikú tàbí ìpalára ńlá ló ṣeé ṣe kó gbẹ̀yìn rẹ̀. Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ti sọ èyí lásọtúnsọ débi pé àwọn lọ́yà mọ̀ ọ́n lórí bí orúkọ ara wọn.

Ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ló rò pé ẹ̀kẹta ni yóò ká ìjọba lọ́wọ́ kò, torí ta ló lè wọ inú ènìyàn lọ? Kò rí bẹ́ẹ̀. Wọn yóò béèrè ohun tí o mú lọ́wọ́, bóyá àdá ni tàbí ọ̀pá ìgbálẹ̀. Wọn yóò béèrè ibi tí o fi bà á, bóyá orí ni tàbí itan. Wọn yóò béèrè iye ìgbà, àti bí agbára tí o fi sí i ti tó. Wọn yóò béèrè ohun tí o sọ ṣáájú, ohun tí àwọn ènìyàn kì ọ́ nílọ̀, àti ohun tí o ṣe nígbà tí ẹni náà ṣubú: ṣé o gbé e ni, àbí o fò ó kọjá? Òfin gbà pé àgbàlagbà tí orí rẹ̀ pé mọ ohun tó sábà máa ń tẹ̀yìn ìṣe rẹ̀ wá. Bí o bá ní ìwọ kò mọ̀, ìwọ ni wàá ṣàlàyé bí ó ṣe jẹ́ pé gbogbo ayé mọ̀, ìwọ nìkan ni kò mọ̀.

3. Mọ òfin tó de ibi tí o ń gbé.

Èyí yóò gùn díẹ̀, ẹ fara balẹ̀.

Nínú ìwé òfin ìwà ọ̀daràn tí a ń lò ní gúúsù Nàìjíríà, abala 316 ló to àwọn ọ̀nà tí pípa ènìyàn fi ń di ìpànìyàn. Àkọ́kọ́ ni ti ẹni tó fẹ́ pa ènìyàn. Ìyẹn kò ṣòro. Ìkejì ni ti ẹni tó fẹ́ ṣe ènìyàn léṣe gidi, tí onítọ̀hún wá kú. Ìkẹta ni mo fẹ́ kí ẹ há sórí: bí ènìyàn bá ń lépa ohun tí òfin kò fọwọ́ sí, tó wá torí rẹ̀ ṣe ohun kan tó lè fi ẹ̀mí sínú ewu, tí ẹnìkan sì kú, ìpànìyàn ni. Òfin ọ̀hún tún sọ ọ́ ketekete pé kò já mọ́ nǹkan kan bí onítọ̀hún kò bá tilẹ̀ fẹ́ ṣe ẹnikẹ́ni léṣe. Abala 319 ni ìjìyà rẹ̀ wà: ikú. Àwọn ọ̀nà mìíràn ṣì tẹ̀lé àwọn mẹ́ta yìí, ṣùgbọ́n mẹ́ta yìí ló ń mú ọ̀pọ̀ ènìyàn.

Ọ̀nà jíjìn ni òfin yìí ti wá. Samuel Griffith ló kọ ọ́ fún Queensland ní ilẹ̀ Australia, wọ́n sì sọ ọ́ di òfin níbẹ̀ ní 1899. Ìjọba amúnisìn gbé e wá sí Àríwá Nàìjíríà ní 1904, nígbà tó di 1916 ó kárí gbogbo Nàìjíríà. Nítorí náà, ẹjọ́ tí wọ́n bá dá ní Queensland lórí abala yìí, bí ẹjọ́ ọmọ ìyá wa ni.

Ọ̀kan wà níbẹ̀ tó yẹ kí gbogbo ọ̀dọ́ tó ń bá àwọn agbowó-ipá rìn gbọ́. Ní ọjọ́ 8 oṣù kẹta ọdún 1973, ní ìlú Brisbane, wọ́n gbé dúrọ́ọ̀mù epo bẹntiróòlù méjì sí ẹnu ọ̀nà ilé fàájì alẹ́ kan tí wọ́n ń pè ní Whiskey Au Go Go, wọ́n ṣáná sí i. Òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni àwọn èrò wà, ibẹ̀ sì ni èéfín gùn lọ. Ènìyàn 15 ló kú. Ohun tí ìjọba sọ ní kóòtù ni pé àwọn tó ṣe é fẹ́ dẹ́rù ba àwọn tó ni ilé fàájì kí wọ́n lè máa rówó gbà lọ́wọ́ wọn. Wọn kò mọ àwọn tó ń jó lókè. Nígbà tí ẹjọ́ náà dé iwájú ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Australia ní 1974, ìtumọ̀ ẹsẹ̀ òfin yìí gan-an ni wọ́n jiyàn lé lórí. Owó gbígbà lọ́nà èrú ni ohun tí wọ́n ń lépa. Iná sísun ni ìṣe tó fi ẹ̀mí sínú ewu. Nígbà tí méjèèjì ti pé, ẹ̀bi ìpànìyàn dúró lé wọn lórí.

Ẹ kíyè sí i pé nǹkan méjì ni òfin ń béèrè, kì í ṣe ẹyọ kan. Ohun tí o ń lépa gbọ́dọ̀ lòdì sí òfin. Ìṣe rẹ sì gbọ́dọ̀ jẹ́ irú èyí tó lè gbẹ̀mí. Bí ìkejì bá kù, ẹ̀sùn náà á rọlẹ̀. Ní 1950, Ilé Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà gbọ́ ẹjọ́ obìnrin kan tó kú lẹ́yìn tí oníṣègùn ìbílẹ̀ kan bá a ṣẹ́ oyún. Òfin kò fọwọ́ sí oyún ṣíṣẹ́, ìyẹn dájú. Ṣùgbọ́n ìjọba kò mú ẹ̀rí wá pé ohun tí oníṣègùn náà ṣe jẹ́ ohun tó lè gbẹ̀mí ènìyàn. Kóòtù yí ìdájọ́ ìpànìyàn padà sí manslaughter, èyí tó jẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ pípa ènìyàn láìsí èrò ikú. Ìyàtọ̀ méjèèjì kì í ṣe kékeré: ti àkọ́kọ́, okùn, ti ìkejì, ẹ̀wọ̀n tó lè tó gbogbo ọjọ́ ayé, ṣùgbọ́n tí adájọ́ lè dín kù.

Ẹ̀yin tó wà ní Ìlọrin, Ọ̀fà tàbí Kàbbà, Penal Code ni tiyín, kì í ṣe èyí. Abala 221 níbẹ̀ ń béèrè bóyá olùjẹ́jọ́ mọ̀, tàbí ó yẹ kó mọ̀, pé ikú ni ohun tó ṣeé ṣe jùlọ pé kó tẹ̀yìn ìṣe rẹ̀ wá. Ẹ wo "ó yẹ kó mọ̀" yẹn dáadáa. Èkó náà ní òfin tirẹ̀ láti 2011, nọ́ńbà àwọn abala ibẹ̀ sì yàtọ̀.

4. Bí o bá ti mutí, fi kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ sílẹ̀.

Ní ìlú Redding ní California, ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1979, ọkùnrin kan mu bíà ní ilé ọtí títí ilẹ̀ fi ṣú, ó sì wa ọkọ̀ lọ. Ó gba iná pupa kọjá ní oríta kan, díẹ̀ ló kù kó kọlu ọkọ̀ mìíràn. Ó tẹ bíréèkì, ó dúró. Bí ó ti yè é tán, ó tún sáré lọ. Ní oríta tó tẹ̀lé e, ó kọlu ọkọ̀ kan, ó sì pa ìyá kan àti ọmọbìnrin rẹ̀ ẹni ọdún mẹ́fà. Wọ́n fojú bù ú pé máìlì 84 ní wákàtí kan ló ń sá kó tó tẹ bíréèkì, níbi tí òfin ti ní kó má ju 35 lọ.

Adájọ́ àkọ́kọ́ da ẹ̀sùn ìpànìyàn nù. Ní 1981, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní California ní kí wọ́n dá a padà. Àwọn adájọ́ ro gbogbo rẹ̀ pọ̀: ó wa ọkọ̀ lọ sí ilé ọtí, nítorí náà ó mọ̀ pé òun ni yóò tún wà á padà, ó mu ju bó ti yẹ, ó sáré àsápajúdé, ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ẹnìkan tẹ́lẹ̀ ní oríta tó kọ́kọ́ kọjá, kò sì tìtorí rẹ̀ dẹ̀rọ̀. Ẹni tó bá mọ̀ pé òun ń fi ẹ̀mí ẹlòmíràn wéwu, tó sì ń ṣe é lọ, òfin California ní ọkàn ìkà wà níbẹ̀. Láti ìgbà náà wá, wọ́n ń pe irú ẹ̀sùn bẹ́ẹ̀ ní Watson, orúkọ ẹjọ́ náà. Lónìí, ẹni tí kóòtù California bá dá lẹ́bi pé ó mutí wakọ̀, kódà bí kò bá kọlu nǹkan kan, wọ́n ń kìlọ̀ fún un pé bó bá tún ṣe é tí ẹnìkan kú, wọ́n lè fi ẹ̀sùn ìpànìyàn kàn án. Ẹ rí ọgbọ́n inú rẹ̀. Ìkìlọ̀ yẹn ni ẹ̀rí tí wọn yóò fà yọ lọ́jọ́ mìíràn pé ó mọ̀.

Àwọn ará Jámánì kò rí i ní wẹ́rẹ́ bẹ́ẹ̀. Ní ọjọ́ 1 oṣù kejì ọdún 2016, ọ̀dọ́kùnrin méjì fi ọkọ̀ díje ní òpópónà Kurfürstendamm ní Berlin, wọ́n ń gba iná pupa kọjá, eré wọn tó kìlómítà 170 ní wákàtí kan. Ọ̀kan nínú wọn kọlu ọkọ̀ bàbá ẹni ọdún 69 kan, bàbá náà kú. Ní 2017 kóòtù Berlin ní ìpànìyàn ni, fún àwọn méjèèjì. Ní 2018 ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ fagi lé e. Ìdí rẹ̀ yẹ ní gbígbọ́: bí ó bá jẹ́ ìgbà tí wọn kò lè dúró mọ́ ni èrò pé àwọn lè pa ènìyàn tó wọ̀ wọ́n lọ́kàn, èrò náà ti pẹ́ jù, kò lè sọ ìṣe tó ti ṣáájú di ìpànìyàn. Wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́ ní 2019, wọ́n tún ní ìpànìyàn. Ní 2020 ilé ẹjọ́ gíga fọwọ́ sí i fún ẹni tó kọlu ọkọ̀ bàbá náà, ó sì dá ti ẹnì kejì padà. Ní 2021 wọ́n dá a lẹ́bi ìgbìyànjú ìpànìyàn, ẹ̀wọ̀n ọdún 13. Ẹ má ṣe gbàgbé pé ọkọ̀ ẹnì kejì yìí kò kan bàbá náà rárá.

Nílé wa ńkọ́? Awakọ̀ tó mutí yó tó pa ènìyàn kì í sábà kojú ẹ̀sùn ìpànìyàn ní Nàìjíríà. Ẹni tó ń wakọ̀ relé kò lépa ohun tó lòdì sí òfin, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ń wà á níwàkuwà, nítorí náà ẹsẹ̀ kẹta abala 316 kò fi bẹ́ẹ̀ bá a wí. Ẹ̀sùn pé ó fi ìwàkuwà pa ènìyàn ni wọ́n máa ń fi kàn án, ìjìyà rẹ̀ kò sì tó nǹkan lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkú tó wà nílẹ̀. Lójú tèmi, àlàfo ńlá nìyẹn, pàápàá fún àwọn tó ń wa bọ́ọ̀sì èrò. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ ọkọ̀ tí o jí ni o fi ń sá fún ọlọ́pàá, tí o sì là á gba àárín ọjà kọjá, má retí àlàfo kankan.

5. Ọtí kì í ṣe agbẹjọ́rò.

Abala 29 ìwé òfin wa sọ pé ọtí tí ènìyàn fi ọwọ́ ara rẹ̀ mu kì í ṣe àwíjàre. Adájọ́ lè wò ó mọ́ ọn bí ó bá ń wádìí bóyá ènìyàn lè ní èrò kan pàtó lọ́kàn lásìkò yẹn. Ìyẹn náà kò tó ohun tí ènìyàn ń fi ọkàn tẹ̀. Bákan náà ni igbó, bákan náà ni ọ̀pọ̀ nǹkan tí ẹ ń gbé mì lónìí tí n kò mọ orúkọ wọn.

6. Má yìnbọn sókè níbi ìnáwó.

Ọta tó bá lọ sókè ń padà bọ̀, àárín èrò ló sì ń bọ̀. Mo mọ̀ pé àwọn àgbà kan ń ṣe é níbi ìsìnkú àti ìwúyè. Àgbà kì í ṣe ẹ̀rí pé ó dára.

7. Ohun eléwu tó wà ní ìkáwọ́ rẹ, ìwọ ló ni ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀.

Abala 304 ìwé òfin wa dá a lé ẹni tí ohun tó lè ṣe ènìyàn léṣe wà lọ́wọ́ rẹ̀ lórí pé kó ṣọ́ ọ dáadáa, ìbáà jẹ́ ẹ̀rọ, ìbọn tàbí ẹranko. Àwọn tó ń sin ajá ńlá ní àárín ilé tí ogiri kan ló pín àwọn àti aládùúgbò, ẹ gbọ́ èyí.

Ní oṣù kìíní ọdún 2001, ní San Francisco, ajá ńlá méjì tó jẹ́ ti tọkọtaya kan tí wọ́n jẹ́ lọ́yà fa obìnrin aládùúgbò wọn kan ya lẹ́nu ilẹ̀kùn rẹ̀. Ìyàwó ló mú àwọn ajá náà jáde lọ́jọ́ yẹn. Nígbà tí kóòtù wádìí, bí ìgbà 30 ni àwọn ajá náà ti bọ́ lọ́wọ́ olówó wọn tàbí tí wọ́n ti halẹ̀ mọ́ ènìyàn àti ajá mìíràn. Dókítà ẹranko ti kọ lẹ́tà ìkìlọ̀. Àwọn ìgbìmọ̀ onídàájọ́ ní ìpànìyàn ni. Adájọ́ fagi lé e, ó ní obìnrin náà kò mọ̀ pé ikú ni yóò já sí. Ẹjọ́ lọ, ẹjọ́ bọ̀, títí ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní California fi là á sí méjì ní 2007: kò tó pé ènìyàn mọ̀ pé ìpalára lè dé, ó gbọ́dọ̀ mọ̀ pé ẹ̀mí ni òun ń fi wéwu. Ṣùgbọ́n kò sì pọn dandan kó jẹ́ pé ikú ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú. Pẹ̀lú òṣùwọ̀n yìí, adájọ́ tuntun tún ẹ̀rí náà wò ní 2008, ó sì dá ẹ̀bi ìpànìyàn padà sórí obìnrin náà: ẹ̀wọ̀n ọdún 15 títí dé gbogbo ayé.

Ogun àgbọ́tẹ́lẹ̀ kì í pa arọ tó bá gbọ́n. Ìgbà 30 ni ogun yẹn sọ tẹ́lẹ̀.

8. Má dá sí ìyà tí èrò fi ń jẹ ẹnìkan lójú ọ̀nà.

Bí wọ́n bá ń pariwo "olè", má sọ òkúta, má gbé táyà, má fún ẹnikẹ́ni ní ìṣáná, má sì dúró síbẹ̀ kí o máa kì wọ́n láyà. Abala 8 ìwé òfin wa ní bí ẹni méjì tàbí jù bẹ́ẹ̀ bá fìmọ̀ ṣọ̀kan láti ṣe ohun tí kò bófin mu, tí ẹ̀ṣẹ̀ mìíràn tó ṣeé ṣe kó tibẹ̀ yọ sì yọ, gbogbo wọn ló jẹ̀bi rẹ̀. "Òkúta kan péré ni mo sọ" kò ní ràn ọ́ lọ́wọ́, torí kò sí ẹni tó lè sọ èyí tó pa á nínú àwọn òkúta.

Ní ọjọ́ 5 oṣù kẹwàá ọdún 2012, èrò pa àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Yunifásítì Port Harcourt mẹ́rin ní Aluu, ní ìpínlẹ̀ Rivers, lórí ẹ̀sùn olè. Ní oṣù keje ọdún 2017, ilé ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀ náà dájọ́ ikú fún ènìyàn mẹ́ta, sájẹ́ǹtì ọlọ́pàá kan sì wà nínú wọn. Ohun tó ká mi lára jù nínú ẹjọ́ náà nìyẹn, pé ẹni tí aṣọ òfin wà lọ́rùn rẹ̀ wà níbẹ̀.

9. Mọ̀ pé kì í ṣe gbogbo àṣìṣe ni ìpànìyàn.

N kò fẹ́ kí ẹ máa bẹ̀rù òjìji ara yín. A kì í mọ̀ ọ́n rìn kí orí má mì, òfin náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Abala 24 gba ènìyàn lọ́wọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ láìjẹ́ ìfẹ́ inú rẹ̀, tàbí tó ṣẹlẹ̀ ní ìjàǹbá tí kò sí ẹni tó lè rí i tẹ́lẹ̀.

Dókítà kan wà ní Nàìjíríà nígbà ayé amúnisìn tó gún àwọn ọmọdé ní abẹ́rẹ́ tí oògùn inú rẹ̀ le jù. Ọmọ kú. Kóòtù nílé dá a lẹ́bi manslaughter. Ó pẹjọ́ títí dé ìgbìmọ̀ ọba ní London, àwọn yẹn sì fagi lé ìdálẹ́bi náà ní 1943. Wọ́n ní àìfarabalẹ̀ tí yóò di ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn gbọ́dọ̀ rékọjá ohun tí owó gbà-máà-bínú lè tán. Kì í sì í ṣe iye òkú tó wà nílẹ̀ ni a fi ń wọn ìwọ̀n àìfarabalẹ̀ náà. Bí ìpinnu náà ti rí nìyẹn. Àwọn òbí tó pàdánù ọmọ lè máà gbà bẹ́ẹ̀, n kò sì dá wọn lẹ́bi.

Ẹ wá fi ìyẹn wé oògùn eyín ọmọdé tí wọ́n ń pè ní My Pikin. Ní 2008, ohun olóró kan tí wọ́n ń pè ní diethylene glycol wọ inú oògùn yìí, ó kéré tán ọmọ 84 ló kú. Ní 2013 Ilé Ẹjọ́ Gíga Ìjọba Àpapọ̀ ní Èkó rán òṣìṣẹ́ méjì lára àwọn tó ṣe é lọ sẹ́wọ̀n ọdún méje-méje, ó sì pàṣẹ kí wọ́n ti ilé iṣẹ́ náà pa. Ẹ̀ṣẹ̀ tó jẹ mọ́ oògùn ni wọ́n dá wọn lẹ́bi rẹ̀, kì í ṣe ìpànìyàn. Bí ẹ bá bi mí, ọdún méje kéré. Ṣùgbọ́n ẹ̀rí pé ènìyàn mọ̀ pé májèlé ni, kí ó tó rọ ọ́ sínú ìgò, ni ìpànìyàn ń béèrè, ẹ̀rí bẹ́ẹ̀ kò sì rọrùn láti rí.

10. Ẹ̀yin tó wà ní London, ẹ má fi òfin Amẹ́ríkà tí ẹ rí nínú fíìmù tan ara yín.

Ní 1960, ẹjọ́ ọkùnrin kan tó sáré gbé ọkọ̀ tó kún fún ẹrù olè lọ nígbà tí ọlọ́pàá rọ̀ mọ́ ọn mú kí àwọn adájọ́ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sọ pé ohun tí ẹni tí orí rẹ̀ pé ìbá mọ̀ ni a ó gbà pé olùjẹ́jọ́ mọ̀. Àwọn ọ̀mọ̀wé bínú sí i, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin sì fi òfin ọdún 1967 pa á tì. Láti ìgbà ẹjọ́ Woollin ní 1998, èyí tó jẹ́ ti bàbá tó ju ọmọ oṣù mẹ́ta mọ́ nǹkan líle, ìgbìmọ̀ onídàájọ́ lè rí èrò ìpànìyàn lára ẹni tí kò sọ pé òun fẹ́ ẹ, ṣùgbọ́n ó gbọ́dọ̀ jẹ́ pé ikú tàbí ìpalára ńlá ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dájú, kí òun náà sì mọ̀ bẹ́ẹ̀. Àìbìkítà lásán kò tó níbẹ̀. Manslaughter ni yóò jẹ́, èyí tó lè gba gbogbo ayé ènìyàn. Bí ẹ bá kọjá sí Scotland, ọ̀rọ̀ yí padà: àìbìkítà tó burú tó ìkà lè sọ ènìyàn di apànìyàn lọ́hùn-ún.

11. Bí ọ̀ràn bá ti ṣẹlẹ̀, má sá.

Mo ti ní wọn yóò wo ohun tí o ṣe lẹ́yìn náà. Pe 112. Gbé ẹni tó farapa lọ sí ọsibítù tó súnmọ́ jùlọ. Bí o bá ń bẹ̀rù pé èrò yóò pa ọ́, lọ fi ara rẹ han ọlọ́pàá, kí o sì sọ ibi tí ẹni náà wà.

Lẹ́yìn náà, pa ẹnu mọ́. Abala 35 ìwé òfin orílẹ̀-èdè wa fún ọ ní ẹ̀tọ́ láti má dáhùn ìbéèrè kankan títí o ó fi bá lọ́yà tàbí ẹni tí o yàn sọ̀rọ̀. Ọ̀pọ̀ ìwé tí wọ́n kà sétí mi ní kóòtù, ọwọ́ ọmọ tí kò sùn, tí kò jẹun, tó ń sunkún, ni wọ́n fi kọ ọ́, òun ló sì dè é. Bí ẹ kò bá ní owó lọ́yà, ẹ kàn sí Legal Aid Council. Ní Èkó, ilé iṣẹ́ agbẹjọ́rò ìlú, tí wọ́n ń pè ní OPD, wà níbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́.

Bí ó bá sì jẹ́ ìbọn ló ba ẹni náà, tí ọsibítù ní kí ẹ kọ́kọ́ lọ gba ìwé ọlọ́pàá wá, ẹ sọ fún wọn pé òfin àpapọ̀ ọdún 2017 ti pàṣẹ pé kí wọ́n tọ́jú rẹ̀ lójú ẹsẹ̀, ìwé wà tàbí kò sí. Ọsibítù fúnra rẹ̀ ni yóò fi tó ọlọ́pàá létí láàárín wákàtí méjì.